Ṣé kí n gé ìkíni ìyá àgbà kúrò nínú fídíò torí àlígọ́rídíìmù, ẹ̀rọ tó ń yan fídíò fáwọn èèyàn?

ỌmọOwé_Kabba

Okun o ẹ̀yin ará ilé, àtẹ̀yin tẹ́ ẹ wà nílé àtẹ̀yin tẹ́ ẹ wà lẹ́yìn odi. Ọ̀rọ̀ kan ń jẹ mí lọ́kàn láti bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, mo ní kí n gbé e wá síbí torí tí mo bá sọ ọ́ nílé wọ́n á ní fóònù ti fẹ́ ya mí ní wèrè.

Mo ní ṣánẹ́ẹ̀lì kékeré kan tí mo fi ń gbé àlọ́ jáde, ní Owé gan-an o, èdè wa ní Kabba, kì í ṣe Yorùbá Ìbàdàn, kì í ṣe ti Èkó. Ẹ̀gbọ́n màmá mi ló ń pa àlọ́ náà, ìyá àgbà tó ti lé lẹ́ni ọgọ́rin ọdún, ẹnu wọn ṣì mú ju abẹ lọ. Fàráńdà wọn la ti ń ṣe é. Màá gbé fóònù kan sórí odó tí mo dojú ẹ̀ dé, kó máa wò wọ́n lójú, màá tọ́jú èkejì sábẹ́ àga kó máa gba ohùn. A ó ti lé ewúrẹ́ lọ. Tí wọ́n bá ń gún iyán nílé kejì a ó dúró dè wọ́n kí wọ́n gún un tán. Tí jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò bá wá lọ dún, ká kó ẹrù wa ló kù.

Ibi tí wàhálà wà rèé. Ojú òpó tí mo ń gbé fídíò sí, mi ò ní dárúkọ wọn, wọ́n ní gíráàfù kan tó máa ń fi ibi táwọn èèyàn ti sá hàn ẹ́. Ìlà kan ni, ó máa ń bẹ̀rẹ̀ lókè á wá rọra máa sọ̀kalẹ̀. Tèmi kì í rọra o, ńṣe ló ń já bí ìgbà tí àgbọn já lórí igi. Kó tó pé ogójì ìṣẹ́jú àáyá, ó ju ìdajì wọn lọ tó ti bá ẹsẹ̀ wọn sọ̀rọ̀. Mo wá lọ wo ohun tó wà níbẹ̀ gan-an. Ìkíni ni! Ìyá àgbà kì í la ẹnu láìkí èèyàn. Wọ́n á kí ará ilé, wọ́n á kí ará oko, wọ́n á kí ẹni tó ń tajà, wọ́n á kí aboyún, wọ́n á kí ọmọ tó wà ní Lọkọja àtèyí tó wà l'Ábújá àtèyí tó wà lókè òkun, okun o, okun o, okun o, kó tó di pé wọ́n ní "ààlọ́ o" ó ti lé ní ìṣẹ́jú kan dáadáa.

Mo gé e. Kí Olúwa dárí jì mí, mo gé ìkíni náà dànù, mo bẹ̀rẹ̀ fídíò látibi tí Ìjàpá ti ń gun igi. Àwọn tí mo ti gbé jáde ṣáájú, èyí tó pọ̀ jù nínú wọn kò ju igba èèyàn tó wò ó lọ. Èyí tí mo gé yìí, láàárín ọjọ́ mẹ́rin, 11,000!

Mo sáré lọ fi han ìyá àgbà, mo rò pé wọ́n máa súre fún mi ni. Wọ́n wò ó, wọ́n dákẹ́. Wọ́n ní kí n tún un gbé. Wọ́n wò ó lẹ́ẹ̀kejì. Wọ́n wá bi mí pé àwọn 11,000 èèyàn yìí, ṣé ilé wọn lo ní mo wọ̀ tí mi ò kí wọn? Wọ́n ní "wọ́n á máa bèèrè pé ta ló tọ́ mi."

Ẹnu mi wọhò. Látọjọ́ yẹn wọn ò tíì pa àlọ́ kankan fún mi mọ́. Wọ́n ní ẹsẹ̀ ń dun àwọn, bẹ́ẹ̀ ẹsẹ̀ yìí kì í dùn wọ́n tó bá di ìpàdé àwọn ìyá ní ṣọ́ọ̀ṣì.

Ọ̀rẹ́ mi kan wá ní kí ló dé tí mò ń da ara mi láàmú, pé ohùn ìyá àgbà tó wà lọ́wọ́ mi ti pọ̀ tó, kí n kó o fún AI, ọgbọ́n inú kọ̀ǹpútà, kó kọ́ ọ, á máa bá mi pa àlọ́ lọ láìsí ẹsẹ̀ dídùn, kò ní kí ẹnikẹ́ni, tí mo bá sì fẹ́, á sọ ọ́ ní Yorùbá tí gbogbo ayé gbọ́. Ẹ gbà mí nímọ̀ràn. Ṣé kí n máa gé e lọ, ṣé kí n fi Owé sílẹ̀, àbí kí n gbọ́ ti ọ̀rẹ́ mi?

Mẹ́mọ́rìKáàdì_Gáréèjì

Okun o àbúrò. Mo rẹ́rìn-ín débi tí omi bọ́ lójú mi nígbà tí mo dé ibi ẹsẹ̀ tó ń dun màmá.

Ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí ẹ rò pé àná ni wọ́n bí àlígọ́rídíìmù. Èmi tó ń bá ẹ sọ̀rọ̀ yìí, èmi ni àlígọ́rídíìmù Kabba nígbà kan. Láti bíi 2011 títí wọ 2017, mo ní ìsọ̀ kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ gáréèjì, tábìlì kan, agbòòrùn kan, láptọ́ọ̀pù kan tí bọ́tìnnì mẹ́ta ti yọ lára ẹ̀. Àwọn èèyàn á kó mẹ́mọ́rì káàdì wọn wá, màá kó fíìmù àti orin sí i fún wọn, wọ́n á sanwó. (Ẹ má tíì sọ̀kò, mo mọ̀ pé iṣẹ́ olè ni lójú òfin, ẹni tó ṣe fíìmù kò rí kọ́bọ̀ níbẹ̀, èmi àti Ọlọ́run ti yanjú ìyẹn.)

Kò sẹ́ni tó ń yan fíìmù fúnra ẹ̀. Wọ́n á ní "ṣáà kó èyí tó dáa sí i". Èmi ni màá mọ èyí tó dáa. Dírẹ́bà tírélà tó ń lọ kó sìmẹ́ńtì l'Óbájànà, ìjà àwọn ará Ṣáínà ni tiẹ̀, kò bèèrè ìtàn, kí wọ́n ṣáà ti máa ju ẹ̀ṣẹ́. Nọ́ọ̀sì kan wà tó fẹ́ràn fíìmù Yorùbá ju oúnjẹ lọ, àmọ́ kò gbọdọ̀ sí babaláwo nínú ẹ̀ torí òun nìkan ló ń dá sùn. Ìyàwó káfíńtà kan sì wà, ohun kan náà ló máa ń sọ nígbàkígbà tó bá wá: "Èyí tí ọmọ ò ti ní kú o." Ọmọ tiẹ̀ ló ti kú. Torí obìnrin yẹn, mo máa ń fo fíìmù lọ sí ìparí kí n tó kó o sínú káàdì ẹ̀, kí n fojú ara mi rí ọmọ náà láàyè.

Ẹ wá wò ó, ká ní ẹ̀rọ ló jókòó síbi tí mo jókòó sí. Obìnrin yẹn á ṣèèṣì kan fíìmù tí ọmọ ti kú, á máa wò ó, á máa sunkún, kò ní lè pa á, á wò ó délẹ̀. Ẹ̀rọ á ní háà, ó wò ó tán o! Ọjọ́ kejì á kó mẹ́wàá irú ẹ̀ wá. Ẹ̀rọ mọ̀ pé ó jókòó tì í. Ohun tó dè é mọ́lẹ̀ síbẹ̀ ni kò mọ̀.

Èmi náà kì í ṣe málékà, kí n má parọ́. Tí fíìmù bá ní apá mẹ́ta, méjì ni màá kó sí i, kí ẹ lè padà wá lọ́la. Ọgbọ́n yẹn náà ni wọ́n ń ta fún yín báyìí, wọ́n kàn fi kọ̀ǹpútà ṣe é ni. Nígbà tí dátà dé tí gbogbo ọmọ ọlọ́dún mẹ́wàá ń tẹ fóònù, iṣẹ́ mi kú, POS ni mò ń ṣe báyìí.

Nǹkan kan ṣá o, o ní igba èèyàn ló ń wo tẹ́lẹ̀. Irọ́ ni gíráàfù yẹn ń pa. Fídíò màmá yẹn, èyí tó ní ìkíni, mo ti rí i nínú gúrúùpù WhatsApp mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, ti ẹbí kan, ti àwọn tó jáde níléèwé kan náà, àti ti ṣọ́ọ̀ṣì. Ẹnì kan dáńlóòdù ẹ̀ ó sì ń pín in kiri. Kò sí ẹ̀rọ tó ka àwọn yẹn fún ẹ.

Ìyàgbà_ní_Canada

Okun o gbogbo ilé. Ọmọ Isanlu ni mí, iṣẹ́ dátà ni mò ń ṣe níbí, kì í ṣe nílé iṣẹ́ fídíò kankan o, kẹ́ ẹ má wá kó ẹjọ́ wọn bá mi. Ẹ̀gbọ́n Mẹ́mọ́rìKáàdì, ẹ kú iṣẹ́ ijọ́un, ẹ̀yin lẹ kó fíìmù sí fóònù mi àkọ́kọ́ bóyá ẹ ò tiẹ̀ rántí.

Àbúrò, mi ò mọ ojú òpó tó ò ń lò, jẹ́ ká fi YouTube ṣàpẹẹrẹ torí àwọn ti sọ tiwọn síta. Láyé àtijọ́, iye ẹni tó tẹ fídíò ni wọ́n ń kà. Àwọn aráyé gbọ́n, wọ́n á kọ àkọlé pé ẹ wá wo ohun tí wọ́n bá lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì pásítọ̀, ẹ débẹ̀ ẹ ò ní bá nǹkan kan. Lọ́dún 2012 ni wọ́n yí i padà, ó wá di iye àkókò tí èèyàn fi jókòó tì í. Nígbà tó fi máa di 2018, ọ̀kan nínú àwọn ọ̀gá wọn sọ pé tí ẹ bá kó gbogbo àkókò táwọn èèyàn ń lò lórí YouTube jọ, ó ju ìdá 70 nínú 100 lọ tó jẹ́ ohun tí ẹ̀rọ fúnra ẹ̀ gbé síwájú wọn. Ìyẹn ni pé èèyàn díẹ̀ ló ń wá nǹkan, àwọn tó kù, "ṣáà kó èyí tó dáa sí i" ni wọ́n ń ṣe, bíi tàwọn oníbàárà ẹ̀gbọ́n wa gẹ́lẹ́.

Báwo ló ṣe ń mọ̀? Kò wo fídíò rẹ bí èèyàn ṣe ń wò ó. Ẹni tó wo ohun tí o wò ló ń lépa, á bèèrè pé kí ni ẹni yẹn tún wò lẹ́yìn ìyẹn, á wá gbé e fún ẹ. Netflix tiẹ̀ kéde lọ́dún 2006 pé ẹni tó bá lè bá àwọn mú ọ̀nà tí àwọn fi ń sọ tẹ́lẹ̀ ohun tí èèyàn máa fẹ́ràn dáa sí i pẹ̀lú ìdá 10 nínú 100, àwọn á fún un ní mílíọ̀nù kan dọ́là. Ó gbà tó 2009 kí ẹgbẹ́ kan tó jẹ ẹ́. Ẹ sì gbọ́ èyí tó pa mí lẹ́rìn-ín, wọ́n sanwó tán wọn ò lo gbogbo iṣẹ́ tó gba ẹ̀bùn náà, wọ́n ní wàhálà àtilò ó ju èrè ibẹ̀ lọ. TikTok ní tiẹ̀ kò tiẹ̀ dúró kó o mọ ẹni tó o fẹ́ tẹ̀ lé, á máa ju fídíò sí ẹ lójú lọ́kọ̀ọ̀kan, á máa wo ibi tí àtàǹpàkò ẹ ti dúró.

Ó wá kan tìẹ. Nígbà tó o gbé àlọ́ Owé síta, àwọn wo ló kọ́kọ́ gbé e fún? Àfàìmọ̀ kó má jẹ́ àwọn tó ń wo fíìmù Yorùbá. Ta ló pọ̀ jù nínú wọn? Ará Èkó, ará Ìbàdàn, ará Abẹ́òkúta. Wọn ò gbọ́ Owé. Wọ́n gbọ́ ọ̀rọ̀ mẹ́ta, wọ́n ní kí lèyí, wọ́n bọ́ sílẹ̀. Ẹ̀rọ á wá ní fídíò yìí ò dáa. O se ọbẹ̀, ẹni tí kì í jẹ ata ni wọ́n gbé e fún. Nítorí náà kì í ṣe ìkíni nìkan ló lé wọn. Ìran Ìjàpá lórí igi, ẹni tí kò gbọ́ èdè pàápàá á fi ojú wò ó, ìyẹn ló jẹ́ kó lọ.

Ohun tí màá ṣe ká ní èmi ni ẹ nìyí. Màá kọ Kabba àti Okun, orúkọ tí wọ́n ń pe gbogbo wa pọ̀, sínú àkọlé gbangba. Níbi tí wọ́n ti ń bèèrè èdè fídíò màá yan Yorùbá, má fi sílẹ̀ lófìfo. Màá jókòó fọwọ́ ara mi kọ ọ̀rọ̀ Yorùbá gbogboogbò sísàlẹ̀ fídíò kí ará Ìbàdàn lè máa kà á bí ìyá ti ń sọ ọ́ lọ, má jẹ́ kí ẹ̀rọ kọ ọ́ fún ẹ o. Àwọn ará WhatsApp yẹn sì ńkọ́, líǹkì ni kó o fi ránṣẹ́ sí wọn.

Lórí ọ̀rọ̀ owó, ní YouTube ó di kó o ní 1,000 èèyàn tó tẹ̀ lé ẹ àti 4,000 wákàtí tí wọ́n fi wò ẹ́ láàárín oṣù 12 kí wọ́n tó máa pín owó ìpolówó fún ẹ, tàbí kó o ní 1,000 èèyàn yẹn kí fídíò kúkúrú ẹ sì rí mílíọ̀nù 10 olùwòran láàárín ọjọ́ 90. Má tíì pa oko kaṣú tì.

Àdùkẹ́_Felele

Ẹ kú ọ̀rọ̀ o. Èmi máa sọ tèmi, kí ẹ jọ̀ọ́ má bú mi. Mò ń lo AI, mo sì ń rí nǹkan díẹ̀ níbẹ̀.

Àlọ́ Ìjàpá tí a ya bí kàtúùnù ni mò ń ṣe. Mi ò ní kámẹ́rà, mi ò ní ìyá àgbà, Lọkọja ni mo wà níléèwé, yàrá tí mò ń gbé àwa mẹ́rin la wà níbẹ̀. Níbo ni màá ti rí owó fún ayàwòrán? AI ló ń ya á, AI ló ń sọ ọ́. Ẹni tí kò ní nǹkan kan ló ń jẹ́ kó ṣe nǹkan, ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́.

Àmọ́ ojú mi ti rí nǹkan lọ́wọ́ ẹ̀ sá. Ìjàpá àkọ́kọ́ tó yà fún mi, lẹbẹ bíi ti ẹja ló ní dípò ẹsẹ̀, ìyẹn àwọn ìjàpá inú omi ni. Mo ní kó ya obìnrin tó ń gún iyán, ó gbé ṣíbí ìrokà lé e lọ́wọ́ nínú odó. Ọba tó yà, awọ ẹkùn ló fi bora bí ará South Africa. Èyí tó burú jù ni ohùn. Mo kọ "Ìjàpá gbé igbá lọ sí oko ìgbá", ó ka gbogbo ẹ̀ bákan náà, o ò mọ èyí tó jẹ́ igbá omi, o ò mọ èyí tó jẹ́ ọgbà ìgbá, ó tún ka "oko" bíi "ọkọ". Ní ọjọ́ yẹn Ìjàpá gbé igbá lọ sọ́dọ̀ ọkọ. Èèyàn mẹ́rin ló kọ ọ́ sí kọ́mẹ́ǹtì, àwọn tó kù kàn ń wò ó lọ.

Ibi tí mo fẹ́ kí ọmọ Owé wò rèé. Tí ohùn Yorùbá tí wọ́n kọ́ fún un látinú ìwé àti fídíò tó pọ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì ṣì ń ṣe báyìí, ti Owé tí kò sí ní ibì kankan ńkọ́? Tó o bá kó ohùn ìyá àgbà fún un, á mú ohùn wọn, ìró ọ̀fun wọn gan-an, á wá máa fi sọ Yorùbá aláìnílùú. Á dà bíi pé wọ́n gbé aṣọ ìyá àgbà wọ ẹlòmíì.

Ṣùgbọ́n kẹ́ ẹ má rò pé kò sẹ́ni tó máa gbọ́ ọ o. Lọ́dún 2025, ẹgbẹ́ olórin kan wà lórí Spotify, ojú òpó orin, tó ní ju mílíọ̀nù kan olùgbọ́ lọ lóṣù kan, kó tó di pé wọ́n jẹ́wọ́ pé AI ló ṣe orin náà, kò sí olórin kankan níbẹ̀. Àwọn tó gbọ́ ọ gbádùn ẹ̀. Ìyẹn ló ń bà mí lẹ́rù ju lẹbẹ Ìjàpá lọ.

Ọmọ_Bùnú

Gbogbo yín ń ka gírámà. Ìjàpá tó wà lórí igi yẹn, ṣé ó sọ̀kalẹ̀?

BàbáTíṣà_Mopa

Ẹ̀yin ọmọ mi, okun o. Tíṣà ni mí, mo ti fẹ̀yìn tì. Ọmọ mi ló ń bá mi tẹ èyí torí ojú.

Àdùkẹ́, mi ò ní bú ọ, o ṣe òótọ́. Ṣùgbọ́n ọ̀rẹ́ tó ní kí wọ́n kó ohùn ìyá àgbà fún ẹ̀rọ, ẹ bá mi sọ fún un pé kó lọ tọrọ ohùn ìyá tirẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń ka ìròyìn, ẹ ò rántí ìyanṣẹ́lódì àwọn ará Hollywood l'Ámẹ́ríkà lọ́dún 2023? Àwọn òǹkọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀ fún ọjọ́ 148. Àwọn òṣèré fi sílẹ̀ fún ọjọ́ 118. Owó wà nínú ìjà náà, àmọ́ AI wà níbẹ̀ gan-an. Àwọn òṣèré ń sọ pé ẹ ò lè ya àwòrán ojú àwọn àti ohùn àwọn lónìí kẹ́ ẹ máa fi ṣe fíìmù lọ títí ayé láìbéèrè. Ohun tí wọ́n sì gbà níkẹyìn ni pé wọ́n gbọ́dọ̀ gba àṣẹ lẹ́nu òṣèré, kí wọ́n sì sanwó. Ní ìpínlẹ̀ Tennessee, níbi tí àwọn olórin pọ̀ sí, wọ́n ṣe òfin lọ́dún 2024 tó dáàbò bo ohùn èèyàn lọ́wọ́ AI. Àwọn tó lówó tó ní lọ́yà nìyẹn o. Ìyá àgbà wa tó jókòó sí fàráńdà, ìwọ ọmọ wọn ni lọ́yà wọn, o sì fẹ́ jẹ́ ẹni tó máa tà wọ́n.

Mo ti jẹ nínú ẹ̀ rí. Wọ́n fi fídíò oníwàásù kan ránṣẹ́ sí mi tó ń polówó oògùn oríkèé ara, ojú rẹ̀ ni, ohùn rẹ̀ ni. Mo san owó. Oògùn ò dé títí di òní olónìí. Ọmọ mi ló wá fi hàn mí pé kí n wo eyín rẹ̀ bó ṣe ń sọ̀rọ̀, eyín náà ń pọ̀ ó ń dín.

Ṣùgbọ́n ohun tó mú mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí kọ́ nìyẹn. Mo ní kí ọmọ mi wá fídíò tó ní ìkíni náà fún mi. Mo wò ó délẹ̀. Ìyá kí títí, ẹnikẹ́ni ò dá wọn lóhùn. Wọ́n ní "okun o", gbogbo fàráńdà dákẹ́ bí itẹ́ òkú. Wọ́n dé orí "ààlọ́ o", kò sẹ́ni tó ní "ààlọ̀". Wọ́n dá orin, kò sí ègbè. Ìwọ ń gbé fóònù dání o ò fẹ́ kí ohùn rẹ wọlé, ó yé mi. Láyé ta ni wọ́n ti ń pa àlọ́ fún ẹni tí kò lẹ́nu? Mo fi ọgbọ̀n ọdún ó lé kọ́ ọmọ níwèé, mo mọ bí kíláàsì ṣe ń sùn. Kì í ṣe torí pé tíṣà kí wọn ni wọ́n fi ń sùn. Lọ kó ọmọdé sí ẹsẹ̀ ìyá, kí wọ́n máa dáhùn.

Mẹ́mọ́rìKáàdì_Gáréèjì

Bàbá, ẹ ò ní kú ní kékeré o. Ó di kí n padà lọ wò ó lẹ́ẹ̀kan sí i, òótọ́ ni, ìdákẹ́jẹ́ẹ́ yẹn pọ̀.

Ìyàgbà_ní_Canada

Bàbá Tíṣà, ẹ jọ̀ọ́ ṣé ẹ máa wá bá wa ṣiṣẹ́ níbí? Èmi ń wo gíráàfù, mi ò tiẹ̀ gbọ́ pé fàráńdà dákẹ́.

ỌmọOwé_Kabba

Okun o, mo padà dé. Ẹ má bínú pé ó pẹ́, iná ò sí fún odidi ọ̀sẹ̀ kan.

Mo lọ bẹ ìyá àgbà. Mo mú búrẹ́dì dání, mo dọ̀bálẹ̀, mo ní mo ti jẹ̀bi. Wọ́n ní ẹsẹ̀ ṣì ń dùn wọ́n. Mo wá sọ fún wọn pé bàbá tíṣà kan ní Mopa ló ní kí n kó ọmọ jọ kí wọ́n lè dá wọn lóhùn, wọ́n bá jókòó dáadáa, wọ́n ní "bàbá yẹn ní làákàyè, ọmọ ta ni ní Mopa?" Mo ní mi ò mọ̀. Wọ́n ní kí n bèèrè. Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ọmọ ta ni yín?

Àwọn ọmọ mẹ́jọ la kó jọ ní Sátidé, ti ilé wa àti ti ilé kejì. Ìyá ní "okun o", àwọn ọmọ dáhùn bí ẹni pé wọ́n fẹ́ fa òrùlé ya, ìyá àgbà tiẹ̀ ta gìrì, wọ́n rẹ́rìn-ín, mo fi ẹ̀rín náà sílẹ̀ síbẹ̀. Nígbà tí orin dé, ọmọ ọlọ́dún mẹ́ta kan ń dá ègbè tiẹ̀ lọ́tọ̀ lẹ́yìn tí gbogbo wọn ti dákẹ́. Ìkíni wà níbẹ̀ látòkè délẹ̀, mi ò gé ohunkóhun. Mo kọ Kabba sínú àkọlé, mo fi ọjọ́ méjì kọ Yorùbá sísàlẹ̀, ọwọ́ ro mí.

Kò tó 11,000 o, kí n má parọ́. 1,900 ló wà níbẹ̀ bí mo ṣe ń kọ èyí. Gíráàfù ṣì ń já níbẹ̀rẹ̀, àmọ́ kò já bí àgbọn mọ́, àwọn tó bá ti kọjá ìkíni, wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ má lọ mọ́ títí ó fi parí. Ohun tí mi ò rí rí ni kọ́mẹ́ǹtì. Wọ́n ń dáhùn! Ẹnì kan láti Kaduna, "okun o ìyá". Ẹnì kan láti Jos. Ẹnì kan kọ ọ́ láti Jámánì pé òun dáhùn sókè nínú ọkọ̀ ojú irin, gbogbo èèyàn yíjú wo òun.

Mo ka gbogbo wọn fún ìyá àgbà lọ́kọ̀ọ̀kan. Ibi tí mo ti fọwọ́ ara mi fa wàhálà nìyẹn, torí wọ́n ní kí n kọ orúkọ wọn sílẹ̀, pé kò dáa kí èèyàn kí èèyàn kí onítọ̀hún dáhùn kí ó wá parí síbẹ̀. A ṣe èyí tuntun ní àná. Wọ́n kí ará Kaduna, wọ́n kí ará Jos, wọ́n bi ará Jámánì bóyá òtútù ò mú un jù, wọ́n ní kó wá aṣọ tó nípọn. Ìkíni nìkan, ìṣẹ́jú mẹ́rin. Ìjàpá ò tíì kúrò nílé.

Ọmọ_Bùnú, ó ṣubú ni, kò sọ̀kalẹ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá ní ẹsẹ̀ mẹ́ta tí wọ́n ń gbé fóònù lé ní Kabba, kó yá mi ní Sátidé, ìyá àgbà ti gba odó wọn.